Igi elésè àlùkò inú aṣálẹ̀ Texas: kí ló dé tí tèmi ò yọ òdòdó?

Ọmọ_Ìjẹ̀bú_Katy · 14 oṣù kẹfà

Ẹ kú àárọ̀ o ẹ̀yin ará ilé. Ọ̀rọ̀ igi kan ló gbé mi wá, ó ń dùn mí gan-an ni.

Lọ́dún tó kọjá, èmi àti ìyàwó mi kó àwọn ọmọ sínú mọ́tò, a ń lọ sí Big Bend, ọgbà igbó ìjọba kan ní ìwọ̀ oòrùn Texas. Nígbà tá a kọjá Del Rio, tá a ń sún mọ́ Langtry, òjò ti rọ̀ níbẹ̀ ní bíi ọjọ́ mẹ́rin ṣáájú. Háà! Orí òkè olókùúta tí koríko gan-an ò fẹ́ hù sí, igi kúkúrú kúkúrú ló kún ibẹ̀, ewé wọn dà bíi pé èèyàn fọ́n eérú lé e lórí, òdòdó elésè àlùkò wá bò wọ́n láti ìsàlẹ̀ dókè débi pé a ò fi bẹ́ẹ̀ rí ewé mọ́. Ìyàwó mi ní ká dúró. A sọ̀ kalẹ̀, a lò tó ìdajì wákàtí níbẹ̀, oyin ń kùn nínú ẹ̀ bí ariwo ọjà.

Ọkàn mi ò kúrò níbẹ̀. Nínú oṣù kẹrin ọdún yìí mo rí méjì rà níbi tí wọ́n ti ń ta igi ọ̀gbìn níbí ní Katy, lẹ́gbẹ̀ẹ́ Houston, Texas sage ni wọ́n kọ sára ẹ̀, àwọn kan ń pè é ní cenizo. Iwájú ilé ni mo gbìn wọ́n sí. Ẹni tó tà á ní kí n máa bomi rin ín lójoojúmọ́ kó lè tètè fẹsẹ̀ múlẹ̀, mo sì ṣe bẹ́ẹ̀, sípírínkìlà láàárọ̀, sípírínkìlà lálẹ́, mo tún fún un ní ajílẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Ní báyìí ewé ń pọ́n, ó ń já, ọ̀kan ti sorí kodò. Òdòdó kan ṣoṣo mi ò rí.

Ẹ jọ̀ọ́, kí ni mo ṣe tí ò dáa? Àbí omi yẹn ò tíì tó ni?

Ìyá_Ẹlẹ́fọ̀ọ́_SA · 14 oṣù kẹfà

Ọmọ mi, kọ́kọ́ lọ pa sípírínkìlà yẹn kó o tó ka ìyókù ohun tí mo fẹ́ sọ.

Omi lo fi ń pa á. Mo mọ̀ pé ìfẹ́ ni, àwa tá a ti ilé wá, tá a bá rí ewé tó ń rọ, omi la máa kọ́kọ́ bù, torí ẹ̀fọ́ àti ewédú la mọ̀ ọ́n gbìn. Èyí kì í ṣe ẹ̀fọ́. Orí àpáta ni wọ́n bí i sí, ilẹ̀ tó funfun bí ẹfun, tójò bá rọ̀ síbẹ̀ kíá ló ti ṣàn lọ. Ilẹ̀ Katy yẹn ńkọ́? Mo gbé Houston fún ọdún mẹ́fà, mo mọ̀ ọ́n, amọ̀ dúdú tó ń lẹ̀ mọ́ bàtà bí iyán, tó bá ti gbomi dúró ó di ọjọ́ mélòó kó tó gbẹ. Òjò Houston nìkan ń lọ sí bíi íǹṣì 50 lọ́dún. Del Rio tẹ́ ẹ ti rí i yẹn, bíi 20 ni tiwọn. O wá tún fi sípírínkìlà lé e.

Mo ní mẹ́rin ní San Antonio níbí, ọdún kejìlá wọn rèé. Ọdún tí mo gbìn wọ́n nìkan ni mo bomi rin wọ́n, ẹ̀ẹ̀kan lọ́sẹ̀. Látìgbà yẹn, òjò Ọlọ́run nìkan. Ọ̀kan ti ga jù mí lọ. Nígbà tí òtútù burúkú ti oṣù kejì ọdún 2021 dé, gbogbo ewé wọn já pátá, ọkọ mi ní ká hú wọn dànù. Mo fi èékánná ha èèpo ẹ̀ka kan, mo rí i pé abẹ́ ẹ̀ ṣì tutù, ó ṣì ní àwọ̀ ewé, mo ní ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án. Nígbà tí oòrùn padà mú, wọ́n rúwé.

Ajílẹ̀ yẹn náà, dáwọ́ ẹ̀ dúró. Tó bá ti jẹun yó jù, ẹ̀ka ló máa ń sáré yọ, á gùn wọ́lọ́wọ́lọ́, kò ní ráyè òdòdó.

Ohun tó o máa ṣe nìyí. Hú èyí tó sorí kodò, wo gbòǹgbò ẹ̀. Tó bá funfun tó sì le, ó ṣì yè. Tó bá dúdú, tó rọ̀, tó ń rùn bí omi ògì tó ti kan jù, ó ti jẹrà nìyẹn, má bá a jà mọ́. Èkejì, kó òkúta wẹ́wẹ́ àti yanrìn gíríǹ mọ́ iyẹ̀pẹ̀, fi kọ ebè, ebè gidi bíi ti iṣu, kó ga ju ẹsẹ̀ bàtà kan lọ. Orí ebè yẹn ni kó o gbé e kà, kí ọrùn ẹ̀ yọ síta díẹ̀. Òkúta wẹ́wẹ́ ni kó o tẹ́ sí ìdí ẹ̀, má lo èèpo igi tí wọ́n ń tà nínú àpò yẹn, omi ló máa ń gbà dúró. Ibi tí oòrùn ti ń pa á láti àárọ̀ ṣúlẹ̀ ni o.

Dírẹ́bà_Onítírélà · 15 oṣù kẹfà

Òótọ́ ni màmá sọ. Ọdún kẹsàn-án tí mo ti ń wa tírélà gba ọ̀nà yẹn rèé, Houston sí El Paso lórí I-10, nígbà míì mo máa ń yà sí US 90 ní San Antonio gba Del Rio àti Sanderson torí pé ọkọ̀ ò pọ̀ níbẹ̀, igi yẹn ni mo fi ń mọ ibi tójò ti rọ̀, mi ò parọ́, mo lè kọjá lọ́jọ́ Friday kí gbogbo ẹ̀ rí bí eérú, eérú ṣáá, o ò tiẹ̀ ní wò ó lẹ́ẹ̀mejì, tí mo bá ń padà bọ̀ ní Thursday tójò sì ti rọ̀ láàárín, á ti di elésè àlùkò láti ibì kan dé ibì kan, lẹ́yìn náà wàá dé ibi tó ti tún di eérú padà, ó túmọ̀ sí pé ibẹ̀ yẹn gan-an lòjò dúró sí. Mo ti rí i tó pààlà báyìí lára òkè bíi pé èèyàn fi okùn wọ̀n ọ́n.

Àwọn ará Mẹ́síkò tá a jọ ń wa ọkọ̀ ló sọ fún mi pé ceniza ni wọ́n ń pe eérú lédè Spéìn, ìdí tí wọ́n fi ń pè é ní cenizo nìyẹn. Kì í ṣe Texas nìkan ló ti ń hù o, ó kún Coahuila àti Nuevo León ní ọ̀hún lọ́dọ̀ wọn. Ìyá ọ̀kan nínú wọn máa ń se ewé ẹ̀ bíi tíì fún òtútù àti ibà.

Ẹ fọwọ́ pa ewé ẹ̀ wò lọ́jọ́ kan. Ó ń ṣe bí etí ọmọ ewúrẹ́.

Tíṣà_Báyọ́lọ́jì · 15 oṣù kẹfà

Ẹ kú ìjíròrò o. Dallas ni mo wà, báyọ́lọ́jì ni mò ń kọ́ àwọn ọmọ. Inú mi dùn pé ẹnìkan dárúkọ igi yìí níbí, torí mo fẹ́ràn ẹ̀ gan-an.

Irun tí Bọ̀dá Dírẹ́bà ní ó dà bí etí ọmọ ewúrẹ́ yẹn ló jẹ́ kí ewé ẹ̀ funfun. Tẹ́ ẹ bá fi awò asọǹkan-di-ńlá wò ó, irun tíntìntín ló bò ó, irun yẹn ló ń dá ìtànṣán oòrùn padà, òun ni kì í jẹ́ kí omi inú ewé tètè gbẹ. Orúkọ tí àwọn onímọ̀ fún un, Leucophyllum frutescens, ewé funfun ni apá àkọ́kọ́ túmọ̀ sí. Ẹ wo bí amọ̀ Houston ṣe ń ṣèdíwọ́ fún un nígbà náà: gbogbo ara ẹ̀ ló ti múra sílẹ̀ de ọ̀dá, kò múra de àkúnya omi rárá. Gbòǹgbò ẹ̀ nílò atẹ́gùn. Tómi bá dí gbogbo ihò inú ilẹ̀, á kú sínú ọ̀pọ̀ omi, ewé ẹ̀ á wá rọ bíi pé òǹgbẹ ń gbẹ ẹ́, torí gbòǹgbò tó ti kú ò lè fa omi mọ́. Ohun tó ń tan àwọn èèyàn jẹ nìyẹn, wọ́n á tún bu omi sí i.

Ẹ má jẹ́ kí “sage” tí wọ́n ń pè é tàn yín o. Sage tí wọ́n fi ń se ọbẹ̀, ìdílé kan náà lòun àti efinrin wa wà. Cenizo ò sí nínú ìdílé yẹn, Scrophulariaceae ni tiẹ̀. Torí náà ẹ má já a sọ́bẹ̀ o.

Ọ̀rọ̀ òjò yẹn náà, ọ̀pọ̀ èèyàn níbí ń pè é ní igi tó ń sọ ojú ọjọ́, wọ́n ní tó bá ti yọ òdòdó, òjò ń bọ̀. Ìdáhùn sí omi ni, kì í ṣe àsọtẹ́lẹ̀. Tójò bá rọ̀ lẹ́yìn ọ̀dá tàbí tí ọ̀rinrin inú atẹ́gùn bá gòkè lójijì, òdòdó tó ti ń múra sílẹ̀ máa là pa pọ̀. Ẹ rántí bí ara ṣe ń rí nílé nígbà tí ọyẹ́ bá kásẹ̀ nílẹ̀ tí òjò àkọ́rọ̀ sì fẹ́ dé, gbogbo wa la máa ń mọ̀ ọ́n lára. Igi yìí náà mọ̀ ọ́n lára.

Ọdún 2005 ni ìjọba Texas fi ṣe igi kékeré ìbílẹ̀ ìpínlẹ̀. Crape myrtle tó gba oyè igi kékeré ìpínlẹ̀ ní 1997, Éṣíà ló ti wá, ìdí tí mo fi rò pé ó tọ́ bí wọ́n ṣe wá fún ọmọ onílẹ̀ náà ní tiẹ̀ nìyẹn.

Ọlọ́gbà_Phoenix · 16 oṣù kẹfà

Màmá SA, mo dọ̀bálẹ̀ o. Àmọ́ ẹ jẹ́ kí n fi ẹnu kan sí ọ̀rọ̀ omi yẹn kí àwọn tó wà lọ́dọ̀ wa ní Arizona má lọ ṣì yín gbọ́. Iṣẹ́ ọgbà ni mò ń ṣe ní Phoenix, òjò wa ò ju bíi íǹṣì 7 lọ lọ́dún, oòrùn oṣù kẹfà ń lé ní 110 Fahrenheit. Tẹ́ ẹ bá gbin èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti inú róbà jáde tẹ́ ẹ sì ní òjò Ọlọ́run nìkan, ọ̀sẹ̀ kan ò ní pé tó máa gan. Odidi ẹ̀ẹ̀rùn méjì àkọ́kọ́ la máa ń bomi rin ín níbí, omi tó jinlẹ̀, ká wá jẹ́ kí ilẹ̀ gbẹ dáadáa kó tó tún kàn. Lẹ́yìn ìyẹn, lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan.

Ohun tó ń bí mi nínú jù nídìí iṣẹ́ yìí ni bí wọ́n ṣe ń gé e. Ẹ bá mi wo ìgboro Phoenix, iwájú báǹkì, iwájú ilé ìtajà, ẹ̀rọ ni wọ́n fi ń fá a yíká lóṣooṣù, ó ti di bọ́ọ̀lù, ó ti di àpótí. Orí ẹ̀ka tuntun ni òdòdó ti ń yọ, ibẹ̀ gan-an ni wọ́n ń gé dànù! Igi tó yẹ kó tàn yòò nígbà òjò oṣù keje sí oṣù kẹsàn-án, ìwọ̀nba márùn-ún mẹ́fà ló máa yọ, inú ẹ̀ á ti kú di igi gbígbẹ tí kò léwé. Mo ti bẹ àwọn oníbàárà títí. Ẹ̀ẹ̀kan lọ́dún ti tó, nígbà tí òtútù bá ń lọ, ẹ mú ẹ̀ka tó ti gbó jù, ẹ gé e láti ìdí, ẹ má jẹ́ kó ju ìdá kan nínú mẹ́ta igi náà lọ, ẹ fi ìyókù sílẹ̀ kó rí bí Ọlọ́run ṣe dá a.

Tó bá jẹ́ pé HOA, ìyẹn ẹgbẹ́ àwọn onílé àdúgbò yín, ń kọ lẹ́tà pé ó ti fẹ̀ jù, ìdí ni pé ẹ gbin ńlá síbi kékeré. Frutescens fúnra ẹ̀ máa ń ga tó ẹsẹ̀ bàtà mẹ́jọ. Ẹ wá èyí tí wọ́n ń pè ní Cimarron, kò ju bíi ẹsẹ̀ bàtà mẹ́ta lọ, mọ̀lẹ́bí ẹ̀ ni. Thunder Cloud náà kéré, àwọ̀ òdòdó ẹ̀ tiẹ̀ tún dúdú sí i.

Tíṣà_Báyọ́lọ́jì · 16 oṣù kẹfà

Bọ̀dá Phoenix ti dárúkọ Thunder Cloud, iṣẹ́ ọwọ́ Benny Simpson nìyẹn, ní ibùdó ìwádìí yunifásítì Texas A&M ní Dallas níbí. Inú igbó ìwọ̀ oòrùn Texas ló ti ṣa àwọn tó dáa jù tó sì sọ wọ́n di igi ọgbà, òun náà ló mú Green Cloud àti Silver Cloud jáde. Ṣáájú irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀, igi tí wọ́n kó wá láti òkè òkun ló gba ọgbà àwọn èèyàn kan.

Ilé_Ìbàdàn · 17 oṣù kẹfà

Ẹ kú iṣẹ́ o. Ìbàdàn ni mo wà, mò ń ka gbogbo ẹ̀ bọ̀ látòkè. Ẹ̀gbọ́n mi ń gbé ní Dallas, ṣé wọ́n lè bá mi já ẹ̀ka ẹ̀ sínú báàgì tí wọ́n bá ń bọ̀ ní Kérésì? Ó wù mí gan-an. Ṣé a tún lè fi ewé ẹ̀ ṣe àgbo?

Ìyá_Ẹlẹ́fọ̀ọ́_SA · 17 oṣù kẹfà

Ọmọ mi, rárá sí méjèèjì. Igi òkèèrè ò ṣe é gbé wọlé nínú báàgì, àwọn NAQS tó ń rí sí àìsàn ohun ọ̀gbìn ní ẹnubodè ní láti fọwọ́ sí i kó tó wọlé, ó sì nídìí, kòkòrò kan tó bá bá a wọlé lè ba oko ẹlòmíì jẹ́. Lẹ́yìn ìyẹn, òjò Ìbàdàn ò kéré sí ti Houston, ohun tó ń fojú Ọmọ Ìjẹ̀bú rí màbo níbí ló máa bá ọ níbẹ̀. Ti àgbo, aládùúgbò mi tó jẹ́ ará Mẹ́síkò ń mu tíì ẹ̀, ohun tí ìyá ìyá ẹ̀ kọ́ ọ ni. Èmi ò tíì mu ún, mi ò sì ní sọ pé kó o mu ohun tí àwọn àgbà tiwa ò wọ̀n fún wa.

Ohun tí mo máa sọ kún un: ẹni tó bá ń lọ Big Bend, ẹ má hú u níbẹ̀ o, ọgbà ìjọba ni, òfin ò gbà á.

Ọmọ_Ìjẹ̀bú_Katy · 21 oṣù kẹfà

Ẹ ṣé o, ẹ ṣé gan-an ni. Mo pa sípírínkìlà yẹn lọ́jọ́ tí Màmá ní kí n pa á.

Mo hú èyí tó sorí kodò láàárọ̀ Saturday. Mi ò tiẹ̀ fi agbára fà á tó fi tú. Omi ṣì dúró sínú ihò ẹ̀, ọjọ́ kẹfà tí mo ti pa omi nìyẹn o. Mo fi ìka méjì di gbòǹgbò kan mú, èèpo ẹ̀ bọ́ sí mi lọ́wọ́ bí ìgbà tá a bá ń bọ́ ẹ̀wà rírẹ, ó ku okùn tín-ín-rín kan láàárín. Òórùn ẹ̀ gan-an ni òórùn tí Màmá sọ. Ó dùn mí, torí ọwọ́ ara mi ni mo fi ṣe é.

Èkejì ṣì ní gbòǹgbò funfun lápá ọ̀tún. Mo gé èyí tó jẹrà kúrò, mo kọ ebè, ó ga dé orókún mi. Àwọn ọmọ ló bá mi kó òkúta. Bàbá mi máa ń kọ ebè iṣu ní abúlé wa lẹ́yìn Ìjẹ̀bú-Igbó, mi ò mọ̀ pé Texas ni mo ti máa lò ó. Mo ti ta aṣọ bò ó kí oòrùn má pa á jù, tó bá di ọjọ́ mẹ́rin màá ká a kúrò.

Ìbéèrè kan: mo rí kòkòrò ajẹwé mélòó kan lára ẹ̀, ṣé kí n fín oògùn sí i?

Tíṣà_Báyọ́lọ́jì · 21 oṣù kẹfà

Ẹ má fín nǹkan kan sí i o, ẹ jọ̀ọ́. Labalábá kan wà tí wọ́n ń pè ní theona, ewé igi yìí ni ọmọ ẹ̀ ń jẹ dàgbà. Òmíràn tún wà, àfòpiná ńlá tí wọ́n ń pè ní calleta, òun náà ń yé ẹyin sí i lára, ọmọ ẹ̀ á wá fi òwú sílíìkì hun ilé bo ara ẹ̀ lórí ẹ̀ka. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ sányán, irú kòkòrò inú igbó bẹ́ẹ̀ náà la ti ń rí òwú ẹ̀ nílé. Ewé tí wọ́n bá jẹ máa hù padà.

Ọmọ_Ìjẹ̀bú_Katy · 9 oṣù kẹjọ

Ẹ̀yin ará, mo ti padà dé.

Odidi oṣù keje igi yẹn ò ṣe nǹkan kan, kò kú, kò dàgbà. Mo fẹ́ bu omi sí i lọ́pọ̀ ìgbà, ìyàwó mi ló ń dá mi dúró. Òjò ńlá kan rọ̀ ní Sunday tó kọjá, lẹ́yìn bíi ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tí kò ti rọ̀. Ní Wednesday ọmọbìnrin mi ní Daddy ẹ wá wo nǹkan, ó ti yọ àwọn nǹkan kéékèèké bí orí ìṣáná lẹ́gbẹ̀ẹ́ ewé. Lónìí wọ́n là. Ó ka mẹ́tàdínlógún. Ó dà bí agogo kékeré, etí ẹ̀ pín sí márùn-ún, inú ọ̀fun ẹ̀ funfun, ó wá ní àmì tóótòòtó bí ìgbà tí èèyàn fi osùn tọ́ ọ, irun wínníwínní sì wà níbẹ̀. Mo kúnlẹ̀ síbẹ̀ títí oyin kan fi dé, ó kó gbogbo orí ẹ̀ wọnú ọ̀kan.

Dírẹ́bà_Onítírélà · 9 oṣù kẹjọ

Ẹ kú oríire! Mo kọjá Sanderson lánàá, ó ti là níbẹ̀ náà.

Ìyá_Ẹlẹ́fọ̀ọ́_SA · 10 oṣù kẹjọ

Omi bọ́ lójú mi nígbà tí mo ka ti oyin yẹn. Kọ ebè kejì sílẹ̀ dè mí o. Lọ́sẹ̀ yìí mo máa gé ẹ̀ka tútù mẹ́fà lára tèmi, bíi íǹṣì mẹ́rin mẹ́rin, mo máa já ewé ìsàlẹ̀ wọn, mo máa fi wọ́n sínú yanrìn níbi tí oòrùn ò ti ní pa wọ́n jù. Èyí tó bá ta gbòǹgbò, mo máa gbé e wá fún ẹ nígbà tí mo bá ń bọ̀ ní Houston fún ìgbéyàwó ọmọ àbúrò mi ní oṣù kọkànlá. Fi àdírẹ́sì ránṣẹ́ sí mi ní ìkọ̀kọ̀, má kọ ọ́ síbí.